Ohùn Inú Agolo

Bí ènìyàn bá kan ilẹ̀kùn Ìyá Waleed ní Lewisville, kí ìyá tó béèrè ẹni tí í ṣe, kó tó gbé ìborùn sórí, ohun kan náà ni yóò ti inú ilé ké sí i: "Ẹ wọlé, tíì ti gbóná." Èdè Urdu ló fi ń sọ ọ́, nítorí ọmọ Pakistan ni. Ọláṣùpọ̀, ọmọ Ìsẹ́yìn, ti gbọ́ gbólóhùn yìí títí ó fi há a lórí bí orúkọ ara rẹ̀, ìyẹn nìkan sì ni Urdu tó gbọ́ láyé. Ohun tó máa ń pa á lẹ́rìn-ín ni pé tíì náà kì í gbóná rárá. Ìgbà tí àlejò bá fìdí kalẹ̀ tán ni ìyá yóò ṣẹ̀ṣẹ̀ máa wá ibi tí kẹ́tùlù wà.

Mọ́sáláṣí ló so wọ́n pọ̀, ẹ̀rọ amúlétutù ló sọ wọ́n di ará ilé kan náà. Iṣẹ́ títún irú ẹ̀rọ bẹ́ẹ̀ ṣe ni Ọláṣùpọ̀ ń ṣe káàkiri Dallas ní Amẹ́ríkà, nínú ooru tí í mú kí ọ̀dà ojú títì máa rọ̀. Kò sí ilé ẹ̀kọ́ tó ti kọ́ ọ. Láti kékeré ló ti máa ń tú nǹkan palẹ̀ kó lè mọ ohun tó ń mú un ṣiṣẹ́. Rédíò bàbá rẹ̀ ló kọ́kọ́ tú. Ó jẹ pàṣán lórí rẹ̀, ṣùgbọ́n ó ti tò ó padà kí ojú pàṣán náà tó jinná, rédíò náà sì wá ń gbé ìkànnì kan tí kò gbé rí.

Lọ́jọ́ tí ọ̀rọ̀ yìí bẹ̀rẹ̀, ẹ̀rọ ilé ìyá ló dákẹ́ lọ́sàn-án gangan. Ọláṣùpọ̀ tún un ṣe tán, ó wá ń ṣàlàyé fún ìyá pé ẹ̀rọ náà kì í dá òtútù kankan. Ooru inú ilé ló ń kó, tó ń lọ dà síta, bí ẹni tó ń gbọ́n omi kúrò nínú ọkọ̀ ojú omi. Ìyá fetí sílẹ̀ tẹ̀rín-tẹ̀rín. Ó ní ẹnì kan ṣoṣo tí òun mọ̀ tó máa ń sọ̀rọ̀ irin bí ẹni tó ń pàlọ́ fún ọmọdé ni bàbá òun. Ló bá dìde, ó wọ yàrá, ó sì gbé agolo pẹlẹbẹ kan jáde, tó rí róbótó bí abọ́ ìjẹun, tí ìpẹtà ti jẹ etí rẹ̀.

"Bá mi wò ó," ó ní. "Gbogbo ènìyàn ló sọ pé ó ti bàjẹ́."

Fíìmù sínimá ló wà nínú rẹ̀, irú èyí tí wọ́n ń ká bí òwú, ìyá sì rọra sọ ìtàn rẹ̀. Nígbà tí wọ́n pín India sí méjì, tí Pakistan di orílẹ̀-èdè tuntun, ọ̀pọ̀ àwọn tó ni ilé iṣẹ́ sínimá ní Lahore ti kó lọ sí òdìkejì. Àwọn tó kù kò ní ju ògiri tó jóná àti ẹ̀rọ tí ẹ̀yà ara rẹ̀ kò pé mọ́. Bàbá ìyá yìí wà lára wọn. Iṣẹ́ ohùn ni tirẹ̀, òun ló ń gba ọ̀rọ̀ àwọn òṣèré sílẹ̀. Wọn a tú ẹ̀rọ kan kí wọ́n lè gba èkejì là. Wọn a fi aṣọ ìbora bo ògiri kí ohùn má baà máa ta padà. Bí ọkọ̀ ojú irin bá ń kọjá, gbogbo wọn a dúró bí ère títí yóò fi lọ tán, wọn a sì tún bẹ̀rẹ̀. Báyìí ni wọ́n ṣe ń ṣe sínimá ní èdè Urdu, fún orílẹ̀-èdè tí àwọn ọmọ tí wọ́n bí sínú rẹ̀ kò tíì tó ọmọ ilé ìwé.

Ìyá tó bí Ìyá Waleed kì í ṣe òṣèré. Ọjọ́ kan ni obìnrin tó yẹ kó sọ gbólóhùn kan nínú sínimá kò yọjú, ni wọ́n bá ní kí ìyàwó ọkùnrin tó ń gba ohùn sílẹ̀ wá bá wọn sọ ọ́. Ó sọ ọ́, ó lọ sílé. Kò pẹ́ púpọ̀ lẹ́yìn ìyẹn tó bí ọmọ, ó sì kú kí ọmọ náà tó dá ojú rẹ̀ mọ̀. Ohun tí bàbá máa ń wí fún ọmọ kò ju pé, "Ìyá rẹ sọ̀rọ̀ nínú sínimá." Bí ọmọ bá béèrè ohun tó sọ, ẹ̀rín ni yóò kọ́kọ́ pa bàbá, lẹ́yìn náà yóò mirí, kò sì ní lè parí ọ̀rọ̀. Sínimá náà fúnra rẹ̀ ti sọnù tipẹ́. Ọmọ àbúrò bàbá rẹ̀ obìnrin kan wà ní Cedar Hill tó máa ń fi ọ̀rọ̀ náà ṣe yẹ̀yẹ́ nígbàkúùgbà tí ẹbí bá pé jọ, á ní ta ló wò ó, níbo ni wọ́n ti wò ó, pé ìtàn tí ọkùnrin opó fi ń rẹ ọmọ rẹ̀ lẹ́kún ni.

Agolo yìí nìkan ni bàbá fi sílẹ̀, ó sì ní wọn kò gbọdọ̀ sọ ọ́ nù. Ìyá ti ṣí i lọ́pọ̀ ìgbà. Kò sí àwòrán kankan nínú rẹ̀. Waleed, ọmọ rẹ̀, náà ti gbé e wò nínú oòrùn, ó ní ọ̀rinrin ló ti fọ àwòrán rẹ̀ dànù.

Ọláṣùpọ̀ fa ìwọ̀nba díẹ̀ jáde, ó gbé e síwájú fèrèsé. Lóòótọ́, kò sí àwòrán. Ó mọ́ gaara bí ọ̀rá. Ṣùgbọ́n lẹ́gbẹ̀ẹ́ kan, nítòsí àwọn ihò wẹ́wẹ́ tí ẹ̀rọ fi ń fà á, ilà dúdú tẹ́ẹ́rẹ́ kan ń lọ, ilà náà sì ní eyín: níbì kan ó yọ bí orí òkè, níbòmíràn ó fẹ́lẹ́ bí irun orí. Ó ti rí irú ilà bẹ́ẹ̀ rí. Ó ti ra ẹ̀rọ sínimá àtijọ́ kan lọ́wọ́ ẹni tó ń kó ẹrù ilé rẹ̀ tà ní Pleasant Grove, ó sì tú u dé ìdè tó kẹ́yìn. Ibẹ̀ ló ti kọ́ pé etí fíìmù ni ọ̀rọ̀ ń gbé. Ìmọ́lẹ̀ ni yóò gba ara ilà náà kọjá. Níbi tí ilà bá ti sanra, ìmọ́lẹ̀ díẹ̀ ni yóò kọjá. Níbi tó bá ti tín-ín-rín, púpọ̀ ni yóò kọjá. Ojú kékeré kan wà lódìkejì tó ń sọ ìmọ́lẹ̀ náà di iná mànàmáná, gbohùngbohùn á sì sọ iná náà di ohùn. Àwọn tó ń ṣe sínimá a máa gba ohùn sórí fíìmù tirẹ̀, àwòrán sórí tirẹ̀, kí wọ́n tó so méjèèjì pọ̀ lẹ́yìn-ọ-rẹyìn bí ọkọ àti ìyàwó.

"Ìyá," ó ní, "fíìmù yìí kò bàjẹ́. Kò ní àwòrán rí ni. Ohùn ni wọ́n gbà sí i."

Ìyá jókòó. Ó béèrè pé, "Ohùn ta ni?"

"Ìyẹn ni mi ò lè sọ. Àmọ́ ẹ̀yin mọ ẹni tí ẹ fẹ́ kó jẹ́."

Ìyá fọwọ́ kan ẹ̀rọ kékeré tó wà létí rẹ̀. "Etí mi ń tì díẹ̀díẹ̀, ọmọ mi. Ohun tí dókítà fi sí i yìí náà ní ibi tí agbára rẹ̀ mọ. Bí n ó bá gbọ́ ohùn ìyá mi kí n tó kú, ọdún yìí ni kí n gbọ́ ọ."

Nígbà tí Waleed ti ibi iṣẹ́ kọ̀ǹpútà rẹ̀ dé, ó wá orí íńtánẹ́ẹ̀tì, ó sì rí àwọn tó lè ṣe irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ dáadáa ní ìlú mìíràn. Kìkì pé ènìyàn ní láti fi fíìmù ránṣẹ́ sí wọn. Ìyá ní láti Lahore dé Karachi, láti Karachi dé Amẹ́ríkà, orí itan òun ni agolo yìí ti wọkọ̀, òun kò ní jẹ́ kó wá bá àwọn páálí bàtà jókòó lẹ́yìn ọkọ̀ ẹni tí òun kò mọ̀. Wọ́n bẹ̀ ẹ́ títí kó tó gbà kó dé gáréèjì Ọláṣùpọ̀ pàápàá, ó sì fi àdéhùn kan sí i: iwájú ọkọ̀ ni yóò jókòó sí, pẹ̀lú bẹ́líìtì. Waleed ló de bẹ́líìtì náà fúnra rẹ̀. Ọláṣùpọ̀ wá ń rọra lọ lórí fríwéè bí ẹni tó gbé ẹyin, àwọn ọkọ̀ ńláńlá ń fun fèrè lẹ́yìn rẹ̀, òun àti agolo sì ń wo iwájú.

Nígbà tó délé, etí fíìmù ló kọ́kọ́ yẹ̀ wò. Irú fíìmù àtijọ́ kan wà tí iná máa ń mú bí epo mọ́tò. Ó rí àmì tí wọ́n máa ń tẹ̀ sára irú èyí tí kì í gbiná, ó wá mí kanlẹ̀. Kò lè fi í sínú ẹ̀rọ sínimá rẹ̀, nítorí ọjọ́ ogbó ti mú kí fíìmù náà súnkì, àwọn ihò rẹ̀ kò sì bá eyín ẹ̀rọ náà ṣe déédéé mọ́. Bí wọ́n bá fi tipá fà á, yóò ya. Àfi kó ṣe ẹ̀rọ tí kò léyín.

Ó fi abẹ felefele méjì ṣe ojú ihò, ó mú wọn súnmọ́ ara wọn títí ìmọ́lẹ̀ tó ń gba àárín wọn kọjá fi dà bí okùn aláǹtakùn. Ó yọ sólà kékeré lára àtùpà tó wà nínú ọgbà, ìyẹn ni ojú tí yóò máa gba ìmọ́lẹ̀. Ohun tó kù ni bí fíìmù yóò ṣe máa rìn geere láìta gìgì, torí bí ó bá ń ta gìgì, ohùn á máa gbọ̀n bí ohùn ẹni tí òtútù mú. Ó nílò àgbá kẹ̀kẹ́ tó wúwo, èyí tó jẹ́ pé bó bá ti ń yí, kò ní tètè fẹ́ dúró. Ó wo gáréèjì yíká, ojú rẹ̀ sì bà lé kẹ̀kẹ́ ìdárayá Sururat, ìyàwó rẹ̀.

Sururat bá a níbi tó ti ń tú u. Ó kó ọwọ́ mẹ́yìn, ó wò ó fún ìgbà díẹ̀.

"Bàbá Aminah, ìwọ lo ní kí n máa gun kẹ̀kẹ́ tí kò lọ síbì kan kí n lè tẹ́ẹ́rẹ́."

"O ti tẹ́ẹ́rẹ́ tó," Ọláṣùpọ̀ dá a lóhùn láìgbójú sókè.

"Irọ́ tó dùn-ún gbọ́. Kí lo tún fẹ́ mú?"

Ó sọ fún un jẹ́jẹ́ pé mọ́tò ẹ̀rọ ìránṣọ rẹ̀ ni, torí ó ní ìtẹ̀sẹ̀ tí ènìyàn lè fi mú un yára tàbí kó rọra yí. Sururat ní kò burú, bí ìyá àgbà yẹn kò bá gbọ́ ohùn, Ọláṣùpọ̀ ni yóò fọwọ́ rán gbogbo aṣọ tó wà nílẹ̀. Síbẹ̀ òun ló lọ yọ mọ́tò náà wá.

Ní ọjọ́ tí gbogbo rẹ̀ parí, kó tó fi fíìmù sí i, ó mú ìyàrun, ó fi eyín rẹ̀ gba iwájú ìmọ́lẹ̀ kọjá. Gbohùngbohùn dún: brrrr. Ó fà á kíákíá, ohùn náà lọ sókè. Ó fà á díẹ̀díẹ̀, ó sọ̀ kalẹ̀. Ó ń ṣe bẹ́ẹ̀ títí Sururat fi gba ìyàrun náà lọ́wọ́ rẹ̀, tí òun náà sì bẹ̀rẹ̀ sí í fi í ṣeré. Ìgbà tí wọ́n wá fi fíìmù sí i, ariwo bí òjò ló kọ́kọ́ ń bọ̀, lẹ́yìn náà ni ohùn obìnrin kan jáde, tó tutù, tó sì dùn, tó ń sọ̀rọ̀ ní èdè tí wọn kò gbọ́. Omi bọ́ lójú Sururat. Ọláṣùpọ̀ ní, "Urdu nìyẹn o," ó sì pe Waleed pé kí wọ́n múra sílẹ̀.

Ní ọ̀sán Àìkú, gbogbo wọn pé sí pálọ̀ Ìyá Waleed. Adéfọlá, ọ̀rẹ́ Ọláṣùpọ̀ tó ń ṣètò ohùn fún ṣọ́ọ̀ṣì kan, gbé gbohùngbohùn ńlá wá. Ó ní, "Àfáà, rántí pé ẹ̀rọ yìí ti ṣèrìbọmi," Ọláṣùpọ̀ sì ní kò burú, òun á bá a ṣe àlùwàlá kó tó sọ̀rọ̀. Ìyá ti wọ aṣọ aláwọ̀ ewé tí ó máa ń wọ̀ sí ọdún Iléyá. Ó ti ránṣẹ́ sí ìbátan rẹ̀ ti Cedar Hill, onítọ̀hún sì wá, ó jókòó sórí àga tó kángun sí ẹnu ọ̀nà bí ẹni tí kò ní pẹ́ lọ, ó di báàgì rẹ̀ mú lórí itan.

Ọláṣùpọ̀ tẹ ìtẹ̀sẹ̀. Àgbá kẹ̀kẹ́ yí, òjò rọ̀ nínú gbohùngbohùn, ohùn obìnrin náà sì jáde. Ojú ìyá ni Ọláṣùpọ̀ ń wò, ó ń dúró de ìgbà tí yóò tàn. Kò tàn. Waleed fa ojú ro. Ohùn náà ń lọ, ó ń bọ̀, ti ọkùnrin kan ń dá sí i, ariwo sì ń ta pá bí ọ̀rọ̀ kọ̀ọ̀kan bá ti tán, títí fíìmù fi parí.

Ìbátan ìyá ló kọ́kọ́ sọ̀rọ̀. Ó yíjú sí Ọláṣùpọ̀ pẹ̀lú ìwà pẹ̀lẹ́. "Ó dùn létí. Ṣé èdè Yorùbá nìyẹn?"

Ọláṣùpọ̀ wo Adéfọlá, Adéfọlá wo Sururat.

"Kì í ṣe tiwa o," Adéfọlá wí. "Àwa rò pé tiyín ni."

Waleed fi pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́ sọ pé kò sí ọ̀rọ̀ Urdu kan nínú ohun tí òun gbọ́. Ara Ọláṣùpọ̀ wọlẹ̀. Gbogbo ìgbà tó fi ń gbọ́ ohùn yìí ní gáréèjì, kò wá sí i lọ́kàn rí pé bí ènìyàn kò bá gbọ́ èdè, kò sí bó ṣe lè mọ̀ pé èdè náà kọ́ ló ń gbọ́. Ó ti mú kí arúgbó wọ aṣọ ọdún. Ìbátan ìyá ti ń wá kọ́kọ́rọ́ ọkọ̀ rẹ̀ nínú báàgì.

Ṣùgbọ́n ìyá ti di ojú, kò sì là á. Orí rẹ̀ tẹ̀ sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. "Ariwo tó ta pá yẹn," ó ní. "Ìgbà wo ló dún?"

"Níparí ọ̀rọ̀ kọ̀ọ̀kan, Ìyá. Ọ̀rọ̀ á ti tán kó tó dún," Ọláṣùpọ̀ dáhùn.

"Kò lè jẹ́ níparí." Ó la ojú. "Mo máa ń jókòó sábẹ́ tábìlì bàbá mi níbi iṣẹ́. Ọkùnrin kan ló ń fi pákó méjì lu ara wọn kí wọ́n lè mọ ibi tí àwòrán àti ohùn yóò ti pàdé. Pákó ló ń kọ́kọ́ dún. Kò sẹ́ni tó gbọdọ̀ lanu kí pákó tó dún."

Ọláṣùpọ̀ wo fíìmù náà, ó wo àgbá kẹ̀kẹ́, ó sì fi àtẹ́lẹwọ́ gbá iwájú orí ara rẹ̀. Ẹ̀yìn ni fíìmù náà ti bẹ̀rẹ̀. Nígbà tí bàbá gbọ́ ọ kẹ́yìn ní Lahore, kò ká a padà. Ìparí rẹ̀ ló wà lókè, ibẹ̀ sì ni òun ti ń fà á láti ọjọ́ yìí. Èdè tí àwọn Yorùbá pè ní Urdu, tí àwọn ọmọ Pakistan pè ní Yorùbá, Urdu ni lóòótọ́. Ẹ̀yìn ló fi ń rìn.

Kò tilẹ̀ nílò láti tú nǹkan kan. Gbogbo fíìmù ti ká sórí rọ́ọ̀lù kejì tán, ibi tó yẹ kó ti bẹ̀rẹ̀ ló sì wà lókè báyìí. Ó yọ bẹ́líìtì tó so mọ́tò mọ́ àgbá kẹ̀kẹ́, ó lọ́ ọ lẹ́ẹ̀kan kó gbé ara rẹ̀ kọjá bí ẹsẹ̀ ẹni tó ká ẹsẹ̀ léra, ó sì fi í padà. Bẹ́líìtì tí wọ́n bá lọ́ báyìí, òdìkejì ló máa ń mú kẹ̀kẹ́ yí sí. Ó fẹ́ ṣàlàyé èyí fún wọn, ṣùgbọ́n Sururat ní, "Bàbá Aminah, tẹ nǹkan náà."

Ó tẹ̀ ẹ́. Òjò rọ̀. Ohùn ọkùnrin kan ka nọ́ńbà, bí ẹni tí iṣẹ́ ti sú díẹ̀. Ìyá gbá àga mú. Pákó dún: pá. Gbogbo nǹkan pa rọ́rọ́, ohùn obìnrin sì jáde, kedere, bí ẹni pé ó wà ní ìdáná tó wà lẹ́yìn wọn.

Kí ẹnikẹ́ni tó túmọ̀ rẹ̀, Ọláṣùpọ̀ ti gbọ́ ọ. Urdu kan ṣoṣo tó mọ̀ láyé ni. "Ẹ wọlé," ohùn náà ní, "tíì ti..." Ẹ̀rín sì gba ọ̀rọ̀ lẹ́nu rẹ̀. Ó rẹ́rìn-ín bí ọmọdé tí wọ́n ní kó má rẹ́rìn-ín ní ilé ìwé kéwú. Ẹnì kan kígbe níbi tó jìnnà. Nọ́ńbà tún dún, pákó tún dún. "Ẹ wọlé, tíì..." Ẹ̀rín tún dé. Lọ́tẹ̀ yìí, ọkùnrin tó ń ka nọ́ńbà náà rẹ́rìn-ín, ó wúkọ́ láti fi bò ó, kò sì bò ó.

Ìyá Waleed ń sunkún, ó ń rẹ́rìn-ín, kò sì mọ èyí tí yóò kọ́kọ́ nù. "Bàbá mi nìyẹn," ó ní. "Bàbá mi ló ń bá a rẹ́rìn-ín. Títí tó fi kú, bí ènìyàn bá kan ilẹ̀kùn wa, ohun tó máa ń sọ nìyẹn, tíì ìbáà wà, ìbáà má wà. Mo rò pé bí wọ́n ṣe ń kí àlejò nílé wa ni."

Bí ọkùnrin náà ti ń ka nọ́ńbà ni ọ̀rọ̀ ń bàjẹ́ lẹ́nu obìnrin náà, bí ó ti ń bàjẹ́ ni gbogbo pálọ̀ ń rẹ́rìn-ín, àwọn tó gbọ́ èdè àti àwọn tí kò gbọ́. Fíìmù tí wọ́n ti jù sẹ́gbẹ̀ẹ́ ni, torí wọ́n ti ṣe ẹ̀dà ibi kan ṣoṣo tó dára nínú rẹ̀ fún sínimá, ìdí nìyẹn tí wọ́n fi jẹ́ kí bàbá gbé e lọ sílé. Níkẹyìn, lẹ́yìn pákó kan, obìnrin náà mí sínú, ó sì sọ ọ́ tán láìsí àbùkù: "Ẹ wọlé, tíì ti gbóná." Ohùn ọkùnrin náà wá sọ̀rọ̀ jẹ́jẹ́, kì í ṣe ohùn iṣẹ́ mọ́. Waleed túmọ̀ rẹ̀: ó ní, "O ṣeun, ó yá ká lọ sílé."

Ìbátan ìyá ti gbé báàgì rẹ̀ sílẹ̀. Ó ń wo ìyá bí ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ pàdé rẹ̀. "Ẹ̀rín rẹ ni," ó ní. "Kò sẹ́ni tó ń rẹ́rìn-ín báyẹn nílé bàbá wa, mo sì máa ń rò ó pé níbo lo ti rí i." Ó dìde, ó bọ́ sí ìdáná, wọ́n sì gbọ́ tó ń bu omi sí kẹ́tùlù.

Ìyá ní kí wọ́n tún fi í sí i. Ọláṣùpọ̀ ń ká fíìmù padà nìyẹn, tó ń rọra fi ìka tọ́ etí rẹ̀ sọ́nà kó má baà rún, nígbà tí ẹnì kan kan ilẹ̀kùn. Aládùúgbò ni, ó fẹ́ mọ ohun tí wọ́n ń ṣe tí ẹ̀rín wọn fi gba ògiri kọjá. Kí ìyá tó yanu, Sururat, Adéfọlá àti Ọláṣùpọ̀ ti ké sí i lẹ́ẹ̀kan náà, ní èdè Urdu tí ahọ́n Yorùbá ti lọ́ bí bẹ́líìtì: "Ẹ wọlé, tíì ti gbóná."

Láti ìdáná ni ohùn ìbátan ìyá ti wá. Ó ní kí wọ́n sọ fún àlejò pé kó fara balẹ̀, omi ò tíì hó.